Ẹni Tó Kọ Basi and Company

Ẹ délé lónìí, kí ẹ bi àwọn òbí yín nípa Mr. B. Ẹ̀rín ni wọ́n máa kọ́kọ́ rín kí wọ́n tó dá yín lóhùn.

Ken Saro-Wiwa ló kọ eré yẹn. Ọmọ Ogoni ni, ní ìpínlẹ̀ Rivers, wọ́n sì bí i ní 1941. Ó kàwé ní Government College, Umuahia, ó tún lọ kọ́ èdè Gẹ̀ẹ́sì ní Yunifásítì Ìbàdàn. Ó ṣe kọmíṣánnà, ó sì ṣòwò títí owó fi wọlé.

Oṣù kẹwàá 1985 ni Basi and Company bẹ̀rẹ̀ lórí NTA. Yàrá kan ni Basi ń gbé ní Adetola Street, l'Ékòó. Kò níṣẹ́ lọ́wọ́, àmọ́ ojoojúmọ́ ló máa di milọníà lọ́la. Alali ọ̀rẹ́ rẹ̀ ń bá a febi panu, Madam tó nilé ń béèrè owó ilé, Dandy àti Josco náà ń wá ẹni tí wọ́n máa rẹ́ jẹ. Gbogbo ọgbọ́n tí wọ́n bá ta ló máa ń fọ́ mọ́ wọn lórí. Tó bá di ọ̀sẹ̀ kejì, wọ́n á tún ta òmíràn! Owó epo ti jẹ́ kí ọ̀pọ̀ èèyàn máa wá owó òjijì nígbà yẹn, àwọn ló ń fi ṣe yẹ̀yẹ́. Ẹ jọ̀ọ́, ṣé ó ti tán báyìí?

Ohun tó yà mí lẹ́nu jù ni èdè ibẹ̀. Pijin ni wọ́n ń sọ nínú eré bíi The Masquerade. Saro-Wiwa kò fẹ́ ẹ, ó ní Gẹ̀ẹ́sì tó já gaara ni káwọn tòun máa sọ, torí àwọn ọmọdé tó ń wò ó. Bẹ́ẹ̀, òun kan náà ló mọ̀ọ́mọ̀ fi Gẹ̀ẹ́sì wúruwùru kọ ìwé Sozaboy! Mi ò rò pé ó ta kora. Ó mọ ibi tí kálukú wúlò sí ni.

Eré náà parí ní 1990. Ọdún yẹn náà ni òun àtàwọn èèyàn rẹ̀ dá MOSOP sílẹ̀, torí epo tó ń ba odò àti oko Ogoni jẹ́. Ní January 4, 1993, nǹkan bí 300,000 èèyàn ló tú jáde láti fẹ̀hónú hàn.

Lọ́dún 1994, wọ́n pa olóyè Ogoni mẹ́rin. Saro-Wiwa ò sí níbẹ̀, síbẹ̀ ìjọba Abacha ní òun ló wà nídìí ẹ̀. Ìgbìmọ̀ àkànṣe ló gbọ́ ẹjọ́ náà, kò sì sáyè láti pe ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn. Ní November 10, 1995, wọ́n yẹgi fún òun àtàwọn mẹ́jọ mìíràn ní Port Harcourt. Ẹni ọdún 54 ni.

Ní June 12, 2025, ìjọba àpapọ̀ kéde ìdáríjì fún wọn, wọ́n sì fi oyè CON dá a lọ́lá. Inú àwọn kan dùn. Àwọn mìíràn ní àwọn ò tọrọ ìdáríjì, kí wọ́n kàn sọ pé wọn ò jẹ̀bi.