Ibn al-Haytham: Mùsùlùmí Tó Tú Àṣírí Ìmọ́lẹ̀

Ẹ̀yin ọ̀dọ́ Mùsùlùmí lọ́kùnrin lóbìnrin, láti Ìjọrà títí dé Ajégúnlẹ̀, ta ni kò tí ì ya fọ́tò rí? Ṣùgbọ́n mélòó nínú wa ló mọ̀ pé Mùsùlùmí kan wà lára àwọn tó la ọ̀nà sílẹ̀ fún kámẹ́rà, ní nǹkan bí ẹgbẹ̀rún ọdún sẹ́yìn?

Orúkọ rẹ̀ ni al-Hasan ibn al-Haytham. Basra, ní ilẹ̀ Iraq, ni wọ́n ti bí i ní nǹkan bí ọdún 965. Ìtàn sọ pé ó ní òun lè wá ọgbọ́n sí odò Náílì tó máa ń kún àkúnya. Khálífà al-Hakim ní Káírò gbọ́, ó sì ránṣẹ́ pè é. Nígbà tó gòkè odò dé ìtòsí Aswan, ó rí i pé iṣẹ́ náà kò ṣeé ṣe, ó sì padà wá jẹ́wọ́. Wọ́n ní ìbẹ̀rù ìbínú al-Hakim ló mú un ṣe bí ẹni tí orí rẹ̀ dàrú, tí wọ́n fi sé e mọ́lé títí ọba náà fi kú ní 1021.

Láàrin nǹkan bí 1011 sí 1021 ló kọ Kitab al-Manazir, ìwé alápá méje lórí ìmọ́lẹ̀ àti ìríran. Euclid àti Ptolemy ti kọ́ni pé inú ojú ni ìtànṣán ti ń jáde lọ bá ohun tí a ń wò. Ibn al-Haytham ní rárá o: ìmọ́lẹ̀ ló ń wọ inú ojú wá. Kò fi ẹnu lásán sọ ọ́. Ó to fìtílà síwájú ihò kan tó wọ yàrá òkùnkùn. Fìtílà kọ̀ọ̀kan ní ojú ìmọ́lẹ̀ tirẹ̀ lára ògiri. Bó bá bo ọ̀kan, tirẹ̀ nìkan ló ń pòórá.

Yàrá òkùnkùn yìí ni ìyá kámẹ́rà. Àwọn ará Ṣáínà àti Gíríìkì ti kíyè sí i ṣáájú rẹ̀, òun fúnra rẹ̀ kò sì ṣe kámẹ́rà. Ìdánwò ló fi wádìí ìdí ọ̀rọ̀. Wọ́n túmọ̀ ìwé rẹ̀ sí èdè Látìn, wọ́n sì tẹ̀ ẹ́ ní Basel ní 1572. Àwọn mìíràn fi gíláàsì sójú ihò náà, kó tó di pé Niépce, ará Faransé, mú àwòrán inú rẹ̀ dúró ní àwọn ọdún 1820.

Lẹ́yìn ikú al-Hakim, ó ń gbé nítòsí al-Azhar, ó ń da ìwé kọ fún títà, oúnjẹ òòjọ́ rẹ̀ nìyẹn. Ó kú ní nǹkan bí 1040. Ní 2015, ọdún tí àjọ àgbáyé yà sọ́tọ̀ fún ìmọ́lẹ̀, wọ́n ṣe ìrántí ẹgbẹ̀rún ọdún ìwé rẹ̀.

Ẹ̀yin ará, fífi orúkọ baba ńlá yangàn kò sọni di ọ̀mọ̀wé. Ẹ mú agolo mílíìkì tó ti ṣófo, ẹ fi ìṣó lu ihò kékeré sí ìdí rẹ̀, kí ẹ fi bébà fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ bo ẹnu rẹ̀. Ẹ fi aṣọ dúdú borí, kí ẹ kọ ihò náà sí ilé tí oòrùn ń ràn sí. Ẹ ó rí ilé náà lórí bébà, ní ìdoríkodò, nítorí tààrà ni ìmọ́lẹ̀ ń rìn: ti òkè bọ́ sísàlẹ̀, ti ìsàlẹ̀ gòkè. Ẹni tó bá bi ara rẹ̀ léèrè ìdí, tó sì dán an wò, ló jẹ́ ọmọ Ibn al-Haytham.