Nell Shipman: Obìnrin tó kọ owó ńlá, tó lọ ń ya fíìmù nínú yìnyín

Bí a bá ń ka àwọn tó kọ́kọ́ fi ìwọ̀nba òṣìṣẹ́ ya fíìmù lórílẹ̀-èdè Kánádà, orúkọ Nell Shipman kò ní gbẹ́yìn. Ìlú Victoria, ní ẹkùn British Columbia, ni wọ́n ti bí i lọ́dún 1892. Ọmọdé ni nígbà tó ti ń bá àwọn òṣèré orí ìtàgé rìn láti ìlú dé ìlú.

Iléeṣẹ́ Goldwyn ní Amẹ́ríkà fẹ́ fi iṣẹ́ ọdún méje dè é mọ́lẹ̀, ṣùgbọ́n ó kọ̀ jálẹ̀. Ó fẹ́ máa ṣe tirẹ̀.

Lọ́dún 1919, fíìmù Back to God's Country jáde. Òun ló kọ ọ́ fún yíyà, òun náà ló kó ipa pàtàkì inú rẹ̀. Etí adágún Lesser Slave Lake ní Alberta ni wọ́n ti ya apá kan. Ọyẹ́ tí à ń sá fún nílẹ̀ wa, eré ọmọdé ni lẹ́gbẹ̀ẹ́ òtútù ibẹ̀. Òtútù àyà pa Ronald Byram, òṣèré tó yẹ kó bá a ṣe é, yìnyín sì ba ẹsẹ̀ Bert Van Tuyle jẹ́. Síbẹ̀, fíìmù náà mú èrè gọbọi wá fún àwọn olówó Calgary tó náwó lé e.

Lẹ́yìn èyí, Nell dá iléeṣẹ́ tirẹ̀ sílẹ̀. Lọ́dún 1922, ó kó béárì, ìkookò àti ajá lọ sí Priest Lake, ní Idaho. Ó ń kọ ìtàn, ó ń ṣeré, ó ń darí, ó tún ń bọ́ ẹran. Kò gbà kí ẹnikẹ́ni na ẹranko kí wọ́n tó ṣeré.

Àmọ́ iléeṣẹ́ tó ń bá a pín fíìmù The Grub-Stake kiri wọko gbèsè, owó kò wọlé mọ́. Ebi wọ inú ọgbà ẹranko. Nígbà tó di 1925, gbogbo rẹ̀ ti túká, wọ́n sì kó àwọn ẹranko tó ṣẹ́ kù lọ sí San Diego.

Ọdún 1970 ni Nell kú ní Kalifọ́níà, láìní owó lọ́wọ́. Fíìmù rẹ̀ tí wọ́n rò pé ó ti sọnù, wọ́n padà rí i, wọ́n sì tún un ṣe. Ìwé tó kọ nípa ara rẹ̀ jáde lọ́dún 1987. Owó rẹ̀ lọ, ṣùgbọ́n iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀ kò parẹ́.