Murnau àti oòrùn tó pa òkú amùjẹ̀

Ọmọ ìmọ̀ èdè bíi tiwa ni Murnau kó tó di ẹni fíìmù. Wọ́n bí i ní Bielefeld, ní Jámánì, lọ́dún 1888. Plumpe ni orúkọ bàbá rẹ̀. Yunifásítì ló wà tí eré orí ìtàgé fi gbà á lọ́wọ́ ìwé. Ó wa bàlúù ogun nígbà Ogun Àgbáyé Kìíní, ó sì yè é.

Lọ́dún 1922 ló gbé Nosferatu jáde. Dracula ni, ìtàn adẹ́rùbani tí Bram Stoker kọ ní 1897, ṣùgbọ́n iléeṣẹ́ tó ná owó sí fíìmù náà kò gba àṣẹ. Wọ́n yí orúkọ padà: Dracula di Orlok, Lọ́ńdọ̀nù di Wisborg. Ta ni wọ́n rò pé àwọn ń tàn? Fíìmù ọ̀hún fúnra rẹ̀ dárúkọ ìwé Stoker níbẹ̀rẹ̀! Florence, opó Stoker, gbé wọn lọ sílé ẹjọ́, nígbà tó sì di 1925, adájọ́ ní kí wọ́n ba gbogbo ẹ̀dà rẹ̀ jẹ́. Díẹ̀ yè bọ́.

Èyí tó jọ mí lójú jù ni ikú Orlok. Nínú ìwé, Dracula ń rìn lọ́sàn-án, agbára rẹ̀ kàn ń dín kù ni. Ọ̀bẹ ni wọ́n fi pa á. Nínú fíìmù, ìmọ́lẹ̀ òwúrọ̀ ló sọ ọ́ di èéfín. Lónìí, ẹni tí kò ka Stoker rí á sọ fún yín pé oòrùn ló ń pa òkú amùjẹ̀.

Murnau kọjá sí Amẹ́ríkà lọ́dún 1926, ó sì ṣe Sunrise níbẹ̀. Ìjàmbá ọkọ̀ ló pa á ní California ní oṣù Kẹta, 1931, lẹ́ni ọdún 42. Ó ku ọ̀sẹ̀ kan kí Tabu, fíìmù rẹ̀ tó gbẹ̀yìn, jáde.