Gunpei Yokoi

Gunpei Yokoi (10 oṣù kẹsàn-án 1941 – 4 oṣù kẹwàá 1997) jẹ́ onímọ̀ ẹ̀rọ ọmọ orílẹ̀-èdè Jàpáànì tó ṣe olórí àwọn tó ṣẹ̀dá Game Boy, ẹ̀rọ géèmù àfọwọ́dìmú ti Nintendo. Ìlú Kyoto ni wọ́n bí i sí. Ó wọ Nintendo ní ọdún 1965, níbi tó ti ń tọ́jú àwọn ẹ̀rọ tí wọ́n fi ń ṣe káàdì.

Yokoi gbà pé ohun èlò àtijọ́ tí kò wọ́n ṣì lè bí ohun tuntun. Ìdí nìyí tí ojú Game Boy ti ọdún 1989 kò fi ní àwọ̀, tí bátìrì rẹ̀ sì ń pẹ́. Ihò tí a ń ki kátíríìjì bọ̀ ni àwọn tó ń wá ọ̀nà ẹ̀bùrú gbà wọlé. Game Genie, tí ilé-iṣẹ́ Galoob tà ní Amẹ́ríkà, máa ń wà láàárín ẹ̀rọ àti kátíríìjì. Bí eléré bá tẹ kóòdù sí i, yóò yí iye tí ẹ̀rọ ń kà padà, ẹ̀mí inú géèmù lè má tán mọ́. Kátíríìjì fúnra rẹ̀ kò yí padà rárá. Nintendo ti pe Galoob lẹ́jọ́ lórí irú rẹ̀ tí wọ́n ṣe fún ẹ̀rọ géèmù inú ilé, ṣùgbọ́n ilé-ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn dá Galoob láre ní 1992.

Yokoi fi Nintendo sílẹ̀ ní 1996. Ní ọdún tó tẹ̀ lé e, ọkọ̀ gbá a pa lójú títì márosẹ̀ ní Ishikawa.