McKinley Thompson: Ayàwòrán Mọ́tò tí Ó Rántí Ilẹ̀ Adúláwọ̀

Ọ̀pọ̀ ènìyàn ni ó ń gun mọ́tò, ṣùgbọ́n díẹ̀ nínú wọn ni í bèèrè ẹni tí ó kọ́kọ́ ya ìrísí rẹ̀ sórí ìwé. Ọ̀kan nínú irú àwọn oníṣẹ́ bẹ́ẹ̀ ni McKinley Thompson, adúláwọ̀ àkọ́kọ́ tí ilé-iṣẹ́ Ford gbà gẹ́gẹ́ bí ayàwòrán mọ́tò ní ilẹ̀ Amẹ́ríkà.

Ìlú New York ni a bí i sí ní ọjọ́ kẹjọ oṣù kọkànlá ọdún 1922. Ní ọdún 1934, ó rí mọ́tò DeSoto Airflow kan tí ń dán bí fàdákà lójú pópó, láti ọjọ́ náà ni ọkàn rẹ̀ sì ti lọ sí iṣẹ́ yíya mọ́tò. Ilẹ̀kùn iṣẹ́ yìí kò ṣí sílẹ̀ fún adúláwọ̀ nígbà náà. Ó ya àwòrán ẹ̀rọ fún oúnjẹ òòjọ́, ó sì wọ iṣẹ́ ológun nígbà Ogun Àgbáyé Kejì. Ìdíje tí ìwé ìròyìn Motor Trend ṣe ni ó la ọ̀nà fún un. Ó wà lára àwọn tí ó borí, ẹ̀bùn rẹ̀ sì ni ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ ní ilé-ẹ̀kọ́ Art Center ní California.

Ní ọdún 1956, Ford gbà á síṣẹ́ ní Dearborn. Ó lọ́wọ́ nínú yíya Thunderbird, GT40 àti Gyron, ọkọ̀ àrà tí ó ní táyà méjì péré. Ní ọdún 1963, ó wà lára àwọn tí ó kọ́kọ́ ya Bronco, ọkọ̀ tí kò bẹ̀rù ọ̀nà gbágungbàgun.

Síbẹ̀, iṣẹ́ tí ó ká a lára jù ni Warrior, mọ́tò olówó pọ́ọ́kú tí ó fẹ́ kí a máa ṣe ní ilẹ̀ Áfíríkà fúnra rẹ̀. Ó mọ̀ pé ibi tí a bá ti ń ṣe mọ́tò, iṣẹ́ mìíràn yóò tẹ̀lé e. Irin pẹlẹbẹ ń béèrè ẹ̀rọ ńláńlá olówó gọbọi kí ó tó di ara mọ́tò. Nítorí náà, ó yan ike kan tí a ń pè ní Royalex, èyí tí a ń fi iná mú rọ̀ kí a tó fà á mọ́ ara àpẹẹrẹ. Ó fúyẹ́, ìpáàrà kò sì lè jẹ ẹ́. Àwọn tí ń gbé lẹ́bàá omi oníyọ̀, bí ará Abuloma ní Port Harcourt, yóò mọ iyì èyí.

Ní ọdún 1967, Ford kọ iṣẹ́ náà, wọ́n ní ọjà rẹ̀ kò ní tà tó. Bí a kò bá rí àdán, a ó fi òòbẹ̀ ṣẹbọ: Thompson àti àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ kó ẹ̀rọ Renault jọ, wọ́n sì kan Warrior kan ní Detroit ní ọdún 1969. Ó wá owó títí, ìjọba Amẹ́ríkà kò yá a. Ní ọdún 1979, ó fi í sílẹ̀.

Nígbà tí Peugeot bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní Kaduna, tí Volkswagen sì bẹ̀rẹ̀ ní Èkó, ní ọdún 1975, òkè òkun ni ọ̀pọ̀ ẹ̀yà ara mọ́tò wọn ti ń wá. Ohun tí Thompson fẹ́ yẹ̀ wọ́n sílẹ̀ nìyẹn.

Ó fẹ̀yìn tì ní ọdún 1984, ó sì kú ní ọdún 2006. Warrior kan ṣoṣo náà wà ní ilé ìṣẹ̀ǹbáyé Henry Ford ní Dearborn, nínú ìlú tí wọ́n ti kọ̀ ọ́.