Dókítà Aláwàdà Tí Kò Gbàgbé Ilé Ìwé Rẹ̀

 

Ẹ̀yin náà mọ bó ṣe máa ń rí bí a bá ti pàdé báyìí. Kí jọ̀lọ́ọ̀fù tó dé orí tábìlì, ẹnì kan á ti bi ẹnì kejì léèrè iṣẹ́ tó ń ṣe. Ibẹ̀ ni ẹ̀rín ti ń bẹ̀rẹ̀. Ẹni tó máa ń gba ipò kìn-ín-ní nínú kẹ́mísírì ti di oníṣòwò aṣọ. Ẹni tí tíṣà ìṣirò ń lé jáde ní kíláàsì ti di akáǹtáǹtì. Èmi tí mò ń kọ èyí, pọ́lì ni mo lọ, iṣẹ́ ìwé ìròyìn ni mo sì ń jẹ. Kò sẹ́ni tó rò ó sí mi nígbà náà. Bí a bá rẹ́rìn-ín tán, àgbà kan á mi orí, á ní ẹ̀kọ́ tí òbí fowó kọ́ ọmọ, tí ọmọ kò fi ṣiṣẹ́, òfò ni.

Ṣé òótọ́ ni? Ẹ fara balẹ̀, kí n sọ ìtàn ọkùnrin kan fún yín, kí ẹ wá dá a fúnra yín.

Anton Pavlovich Chekhov ni orúkọ rẹ̀, ọmọ ilẹ̀ Rọ́ṣíà. Ẹ̀yin tí ẹ kọ́ ìmọ̀ tíátà ti pàdé orúkọ yẹn nínú ìwé yín. Dókítà ni, dókítà gidi tó gba ìwé ẹ̀rí. Àwàdà ló fi bọ́ ilé, eré orí ìtàgé ló sì sọ ọ́ di ẹni tí gbogbo ayé mọ̀.

Ìlú Taganrog, létí òkun ní gúúsù Rọ́ṣíà, ni wọ́n bí i sí ní oṣù kìn-ín-ní ọdún 1860. Ẹ má rò pé ọmọ olówó ni o. Ẹrú ni bàbá bàbá rẹ̀, ẹrú tí ń ṣiṣẹ́ oko fún onílẹ̀. Ọdún 1841 ni bàbá àgbà yìí tó rí owó ra ara rẹ̀ àti ìdílé rẹ̀ padà. Pavel, bàbá Anton, ṣí ṣọ́ọ̀bù kékeré kan, ó ń ta tíì, ṣúgà àti nǹkan wẹ́wẹ́. Òun náà ló ń darí ẹgbẹ́ akọrin ṣọ́ọ̀ṣì. Ọwọ́ rẹ̀ le púpọ̀: ẹgba ní òwúrọ̀, ṣọ́ọ̀bù ní ọ̀sán, orin ṣọ́ọ̀ṣì ní alẹ́. Báyìí ni Anton àti àwọn ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ṣe dàgbà.

Ó dára, ẹ jẹ́ ká wọ ilé ìwé. Ṣé ẹ rò pé ọ̀jẹ̀wé ni? Rárá o. Ẹ̀ẹ̀mejì ni wọ́n ní kí ó tún kíláàsì kà. Èdè Gíríìkì wà lára ohun tó dá a dúró. Ṣùgbọ́n nínú ká sín ènìyàn jẹ, kò sẹ́ni tó lè bá a dù ú. Olùkọ́ ẹ̀kọ́ Bíbélì wọn, tó jẹ́ àlùfáà, fẹ́ràn láti máa yí orúkọ àwọn ọmọ padà. Ó sọ Chekhov di Chekhonte. Ẹ fi orúkọ ìnagijẹ yẹn sọ́kàn, torí a ó tún pàdé rẹ̀ níwájú. Ẹ̀yin olùkọ́ wa, ẹ rí i bí orúkọ tí ẹ fi ń fi wá ṣẹ̀fẹ̀ ṣe lè tẹ̀ lé wa jìnnà tó!

Ní ọdún 1876 ni gbèsè bo bàbá rẹ̀ mọ́lẹ̀. Bàbá sá lọ sí Moscow kí wọ́n má bàa tì í mọ́lé, ìyá àti àwọn àbúrò sì tẹ̀ lé e. Ilé bọ́ sọ́wọ́ ẹlòmíràn. Anton nìkan ló kù ní Taganrog, ọmọ ọdún 16, torí kò tíì jáde ilé ìwé. Ọdún mẹ́ta gbáko ló fi ń dá gbọ́ bùkátà ara rẹ̀. Ó ń kọ́ ọmọ ọlọ́mọ ní lẹ́sìn, ó ń mú ẹyẹ tà, ó sì tún ń fi díẹ̀ nínú owó náà ránṣẹ́ sí ìyá rẹ̀. Nígbà tó yege ní 1879, ìlú Taganrog fún un ní owó ìrànwọ́ ẹ̀kọ́, rúbù 25 lóṣù, ó sì wọ Yunifásítì Moscow láti kọ́ iṣẹ́ dókítà.

Ó dé Moscow, ó rí i pé ebi wà nílé. Bàbá kò rí iṣẹ́ gidi, àwọn ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ọkùnrin méjì lẹ́bùn ṣùgbọ́n ọtí kò jẹ́ kí wọ́n gbádùn. Ọmọ kẹta di olórí ilé. Kí ló ṣe? Ó gbé gègé, ó bẹ̀rẹ̀ sí kọ ìtàn kéékèèké tó ń pa ni lẹ́rìn-ín fún àwọn ìwé ìròyìn ẹlẹ́fẹ̀. Ọdún 1880 ni wọ́n tẹ àkọ́kọ́ jáde. Ó ń kọ nípa akọ̀wé ìjọba tó ń gbọ̀n níwájú ọ̀gá, nípa ọlọ́pàá tí kò mọ apá ibi tí yóò gbè sí, nípa àna tó wá gbélé ẹni. Ọ̀sán, ó wà nínú yàrá tí wọ́n ti ń la òkú wò. Òru, ó ń kọ àwàdà níbi tí ará ilé ti ń pariwo. Orúkọ wo ló ń fi sí i? Antosha Chekhonte! Orúkọ ìnagijẹ ilé ìwé ló fi ń bọ́ bàbá àti ìyá rẹ̀.

Ní 1884 ó di dókítà. Ọdún yẹn kan náà ni ẹ̀jẹ̀ kọ́kọ́ bá ikọ́ rẹ̀ jáde. Ikọ́ ife ni, èyí tí ń jẹ ẹ̀dọ̀fóró. Dókítà ni, ó mọ àmì rẹ̀ dáadáa. Ó sì tún rí i bí àrùn yẹn ṣe pa ẹ̀gbọ́n rẹ̀ Nikolai ní 1889. Síbẹ̀, fún odidi ọdún 13, kò gbà kí dókítà kankan yẹ àyà òun wò. Ó ń wo ẹni gbogbo, kò wo ara rẹ̀. Mo bẹ̀ yín, ẹ̀yin dókítà àti nọ́ọ̀sì àárín wa, ẹ má kọ́ ti ibẹ̀ yẹn.

Orúkọ rẹ̀ wá ń ròkè. Wọ́n fún un ní ẹ̀bùn Pushkin ní 1888. Eré oníwọ̀nba ìṣẹ́jú tó kọ, bí *The Bear*, ń pa àwọn ènìyàn lẹ́rìn-ín káàkiri ìlú, owó sì ń wọlé. Ibi tí ẹlòmíràn ì bá ti jókòó jẹun nìyẹn. Ní 1890, ó dìde lọ sí erékùṣù Sakhalin, ní ìkángun ìlà oòrùn Rọ́ṣíà, níbi tí ìjọba ń kó àwọn ẹlẹ́wọ̀n lọ. Kò sí rélùwéè la Siberia já nígbà náà. Ọkọ̀ ojú omi àti kẹ̀kẹ́ ẹlẹ́ṣin ló gbé e nínú ẹrẹ̀ àti òtútù. Ó tó oṣù mẹ́ta kó tó débẹ̀. Oṣù mẹ́ta mìíràn ló fi ń ti ojúlé dé ojúlé, tó ń kọ orúkọ, ọjọ́ orí àti ìlera àwọn ènìyàn sórí káàdì. Káàdì náà tó nǹkan bí 10,000. Ìwé tó kọ lórí ohun tó rí jẹ́ kí Rọ́ṣíà mọ ìyà tí ń jẹ ẹlẹ́wọ̀n àti àwọn ọmọdé tó wà níbẹ̀. Ọ̀rọ̀ ẹ̀fẹ̀ kọ́ nìyẹn. Dókítà ló ṣe iṣẹ́ náà, òǹkọ̀wé ló sì jẹ́ kí ayé gbọ́.

Ní 1892 ó ra ilẹ̀ sí abúlé Melikhovo, nítòsí Moscow. Ọdún yẹn ni àrùn onígbáméjì ń jà káàkiri. Wọ́n fi abúlé 25 sí abẹ́ ìtọ́jú rẹ̀, kò sì gba kọ́bọ̀. Láti àárọ̀ ni àwọn tálákà ti ń tò síwájú ilé rẹ̀ fún oògùn. Ó kọ́ ilé ìwé mẹ́ta fún ọmọ àwọn àgbẹ̀, èyí tó parí kẹ́yìn ní 1899. Taganrog ńkọ́? Àpótí lórí àpótí ìwé ló ń fi ránṣẹ́ sí ilé ìkàwé ìlú tó fún un ní rúbù 25 níjọ́sí. Orúkọ rẹ̀ ni ilé ìkàwé náà ń jẹ́ títí dòní. Odò tó bá gbàgbé orísun rẹ̀, gbígbẹ ni yóò gbẹ. Odò tiwọn yìí kò gbàgbé.

Ẹ wá gbọ́ ti ìtàgé. Ní October 1896, wọ́n ṣe eré rẹ̀, *The Seagull*, ní St Petersburg. Alẹ́ náà jẹ́ ti àyẹ́sí gbajúmọ̀ òṣèré aláwàdà obìnrin kan. Àwọn tó wá ti múra ẹ̀rín sílẹ̀. Wọn kò rí irú ẹ̀rín tí wọ́n ń wá, ni wọ́n bá ń hó, wọ́n ń fi eré ṣẹ̀sín. Chekhov sá jáde, ó ń rìn kiri nínú òtútù lóru, ó ní òun kò ní kọ eré mọ́ láéláé. Oṣù díẹ̀ lẹ́yìn náà, ní March 1897, ó jókòó sídìí oúnjẹ ní ilé oúnjẹ kan ní Moscow, ẹ̀jẹ̀ sì bẹ̀rẹ̀ sí tú lẹ́nu rẹ̀. Wọ́n gbé e lọ sílé ìwòsàn. Àṣírí tú.

Ṣùgbọ́n nígbà tí Stanislavski àti Nemirovich-Danchenko dá tíátà tuntun sílẹ̀ ní Moscow ní 1898, Nemirovich bẹ̀ ẹ́ títí ó fi jẹ́ kí wọ́n tún eré tó ṣubú yẹn ṣe. Lọ́tẹ̀ yìí, àtẹ́wọ́ mi gbogbo ilé. Wọ́n tilẹ̀ ya ẹyẹ òkun tó wà nínú orúkọ eré náà sára aṣọ ìtàgé wọn. Nínú tíátà yẹn náà ló ti rí Olga Knipper, òṣèré, tó fi ṣaya ní 1901. Àárẹ̀ ti lé ọkọ lọ sí Yalta níbi tí oòrùn wà; iṣẹ́ dá ìyàwó dúró sí Moscow. Lẹ́tà ni wọ́n fi ń ṣe ìgbéyàwó.

Ìjà kan kò tán láàárín òun àti Stanislavski tó ń darí eré. Eré tó kọ kẹ́yìn, *The Cherry Orchard*, eré àwàdà ló pè é. Ẹkún ni Stanislavski rí níbẹ̀, bí ẹkún ló sì ṣe darí rẹ̀. Inú Chekhov kò dùn sí i. Ẹ̀yin ará mi, àwa Yorùbá kò ní rí ìjà níbẹ̀, torí a mọ̀ pé bí ọ̀rọ̀ bá ju ẹkún lọ, ẹ̀rín là á fi í rín. Dókítà tó ti jókòó ti ènìyàn púpọ̀ lórí ibùsùn ikú mọ̀ pé ẹni tó ń ṣọ̀fọ̀ náà ń wá fìlà rẹ̀ tó sọnù. Ilé ìwòsàn ló ti rí i, ìtàgé ló gbé e lọ.

Ọjọ́ ìbí rẹ̀ tó pé ọdún 44, ní January 1904, ni wọ́n kọ́kọ́ ṣe eré náà. Wọ́n mú un wá sórí ìtàgé láti yẹ́ ẹ sí, ó ń wúkọ́, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ má lè dúró. Ní July ọdún náà, ní Badenweiler ní Jámánì, dókítà tó ń tọ́jú rẹ̀ rí i pé kò sí ohun tó kù, ó ní kí wọ́n gbé wáìnì ṣaǹpéènì wá. Chekhov mu ún tán, ó fẹ̀gbẹ́ lélẹ̀, ó sì dákẹ́. Wágọ́ọ̀nù tí wọ́n fi ń kó oyster inú òkun ni wọ́n fi gbé òkú rẹ̀ padà sí Moscow. Ẹ ò rí i pé bí ìgbà tí òun fúnra rẹ̀ kọ ọ́ ló rí!

Ẹ jẹ́ ká padà sórí tábìlì wa. Ọ̀nà kan ò wọ ọjà. Ẹni tó kọ́ kẹ́mísírì tó ń ta aṣọ, bí ó bá ń fi ojú kẹ́mísírì wo àwọ̀ aṣọ, kò fi ohunkóhun ṣòfò. Ohun tó yẹ ká máa bi ara wa léèrè ni ti àpótí ìwé Taganrog. Ilé ìkàwé ilé ìwé wa ń bẹ níbẹ̀, àwọn ọmọ tí ń wọ aṣọ tí a wọ̀ rí ṣì ń jókòó síbẹ̀. Kí ẹ tó wọ mọ́tò yín lónìí, ẹ yà wo ibẹ̀ ná. Kí ẹ wo àwọn pẹpẹ ìwé náà dáadáa.