AS-SAMAW'AL: Ọ̀DỌ́ TÓ KỌ́ AYÉ NÍ ÌṢIRÒ OHUN TÓ LÉ ÀTI OHUN TÓ DÍN

 Púpọ̀ nínú yín ló máa ń sọ fún wa ní iléekéwú pé ìṣirò le, pé ẹ kò rí olùkọ́ tí yóò là á yé yín. Ìdí nìyí tí a fi mú ìtàn As-Samaw'al ọmọ Yahya al-Maghribi wá fún yín.

Baghdad ni a bí i sí ní nǹkan bí ọdún 1130. Ará Fez ní ilẹ̀ Mòrókò ni bàbá rẹ̀, ó sì jẹ́ onímọ̀ nínú ẹ̀sìn àwọn Júù. Èdè Hébérù àti Taorah ni ọmọ náà kọ́kọ́ kọ́. Nígbà tó di ọmọ ọdún 13, ó bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ ìṣègùn àti ìṣirò. Kò pẹ́ tí ìmọ̀ rẹ̀ fi kọjá ti àwọn olùkọ́. Kò rí ẹnikẹ́ni ní Baghdad tó lè kọ́ ọ ní ìyókù ìwé Euclid. Ṣé ó wá káwọ́ gbera? Rárá o! Ó gbé ìwé náà, ó ń kà á fúnra rẹ̀. Ó ka àwọn ìwé al-Karaji pẹ̀lú, ó sì rí ibi tó yẹ kí a fi kún wọn. Ọmọ ọdún 19 péré ni nígbà tó kọ ìwé tirẹ̀, Al-Bahir.

Nínú ìwé yìí ló ti to òfin ohun tó lé àti ohun tó dín lẹ́sẹẹsẹ. Lárúbáwá, zaid ni ohun tó lé, naqis ni ohun tó dín. Èyí kò ṣàjèjì sí àwa Yorùbá tí a ń ka ẹ̀rìndínlógún. Ẹ jẹ́ kí a fi owó ṣe àpẹẹrẹ. Bí o bá jẹ gbèsè ₦4.60, tí o tún yá ₦3.75, dídín méjì ti pàdé: a ó pa wọ́n pọ̀, gbèsè rẹ di ₦8.35. Ṣùgbọ́n bí ₦12.50 bá wà lápò rẹ, tí o sì jẹ ₦20.75, a ó yọ kékeré kúrò nínú ńlá. Ohun tó kù, ₦8.25, orúkọ èyí tó pọ̀ jù ni yóò jẹ́: gbèsè ṣì ni. As-Samaw'al tún là á yé wa pé bí a bá yọ ohun tó dín kúrò lára òfìfo, ohun tó lé ló máa kù. Ẹni tí a bá darí gbèsè jì mọ̀ pé bí ẹ̀bùn ló rí.

Ní ọdún 1172, ó kọ ìwé mìíràn lórí ìdá mẹ́wàá, ìdá ọgọ́rùn-ún àti bẹ́ẹ̀ bẹ́ẹ̀ lọ. Al-Uqlidisi ti ṣe irú rẹ̀ ṣáájú ní Damascus, ṣùgbọ́n As-Samaw'al mú un jìnnà sí i. Nígbà tó pín 210 sí ọ̀nà 13, kò dúró lórí 16. Ó ń pín èyí tó ṣẹ́ kù lọ títí ó fi dé 16.15384. Ẹ rántí o: ìdá mẹ́wàá ni ká kọ sábẹ́ ìdá mẹ́wàá. 0.5 àti 0.25 kì í ṣe 0.30, 0.75 ni.

Ní ọdún 1163, ní ìlú Maragha ní ilẹ̀ Ìráànì, ó gba Islam. Ó ti pẹ́ tí ọkàn rẹ̀ ti ń fà síbẹ̀, ṣùgbọ́n ó ń rò ó nítorí bàbá rẹ̀, kò fẹ́ bà á nínú jẹ́. Ìṣirò ọkàn yìí le ju ti inú ìwé lọ. Iṣẹ́ ìṣègùn ló ń ṣe jẹun, ó sì kú sí Maragha ní nǹkan bí ọdún 1180.

Ẹ̀yin ènìyàn wa, àìsí olùkọ́ kò dí i lọ́wọ́. Ẹ jẹ́ kí àwa náà ṣí ìwé wa. Kí Ọlọ́hun Ọba ṣe ìmọ̀ ní àǹfààní fún wa. Àmín.